Bí Panoram Ṣe Ń Gbé Orin Swing Jáde Nínú Àpótí

Ní Amẹ́ríkà láàárín 1940 sí 1946, ẹni tó jókòó sílé ọtí lè sọ sẹ́ǹtì 10 sínú àpótí onígi gíga kan, kó sì fi bí ìṣẹ́jú mẹ́ta wo odindi ẹgbẹ́ olórin swing, irú orin jazz tí wọ́n fi ń jó. Panoram ni àpótí náà, ilé iṣẹ́ Mills Novelty ní Chicago ló ń ṣe é. Soundies ni wọ́n ń pe àwọn fíìmù inú rẹ̀.

Orin ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ gbà sílẹ̀, láìsí kámẹ́rà. Tó bá di ìgbà yíyà fíìmù, wọ́n á tan orin náà, àwọn olórin á wá máa fi ẹnu àti ọwọ́ tẹ̀ lé e. Bí wọ́n ṣe rí i ṣe nìyẹn tí kámẹ́rà fi lè sún mọ́ ẹnu fèrè, tí oníjó ń fò sókè sódò, tí ariwo ẹsẹ̀ rẹ̀ kò sì ba orin jẹ́. Bẹ́ẹ̀ ni Duke Ellington, olórí ẹgbẹ́ olórin jazz, ṣe ya tirẹ̀ ní Hollywood ní 1941. Nítorí náà, ẹ má fi ojú tí ẹ rí nìkan pinnu ẹni tó fọn ohun tí ẹ gbọ́: wọ́n lè fi ẹlòmíràn rọ́pò lọ́jọ́ yíyà.

Fíìmù mẹ́jọ ni wọ́n máa ń so pọ̀ sórí okùn kan tó ń yí po láìlópin. Kò sí pé èèyàn ń ṣà á. Èyí tó kàn ló máa jáde. Ẹni tó bá fẹ́ tún Ellington wò gbọ́dọ̀ sanwó méje tó kù kọjá ná.

Dígí ló ń darí ìmọ́lẹ̀ láti ìsàlẹ̀ àpótí lọ sí ẹ̀yìn ojú ìwòran. Dígí a máa yí ọ̀tún sí òsì, torí náà, òdì ni wọ́n ti tẹ àwòrán sórí fíìmù kó lè hàn dáadáa. Ẹ̀dà tí wọ́n bá ṣe láti ara fíìmù Panoram láìyí àwòrán padà á di ẹ̀dà òdì. Ẹ wo ọwọ́ afọnfèrè: ọwọ́ ọ̀tún ni wọ́n fi ń tẹ bọ́tìnnì trumpet, òun náà ni wọ́n fi ń fa trombone. Bí gbogbo wọn bá ń fi òsì ṣe é, ẹ̀dà òdì ni.

Lórí fíìmù mìlímítà 16 yìí, ohùn máa ń ṣáájú àwòrán rẹ̀ pẹ̀lú fírémù 26 (fírémù ni àwòrán kọ̀ọ̀kan lórí fíìmù), ó lé díẹ̀ ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Bí fíìmù bá já, tí wọ́n gé díẹ̀ kúrò kí wọ́n tó lẹ̀ ẹ́, àwòrán á kọ́kọ́ fò, orin á fò tẹ̀ lé e.