Pierre Boulle

Pierre Boulle (20 oṣù Kejì 1912 – 30 oṣù Kìíní 1994) jẹ́ òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ ọmọ ilẹ̀ Faransé. Ìwé rẹ̀ méjì, Le Pont de la rivière Kwaï (Afárá Odò Kwaï, 1952) àti La Planète des singes (Pílánẹ́ẹ̀tì Àwọn Ìnàkí, 1963), di fíìmù tí òkìkí wọn kàn dé ibi tí orúkọ ẹni tó kọ wọ́n kò dé.

Ìlú Avignon ni wọ́n bí i sí. Iṣẹ́ ẹnjiníà ló kọ́. Ní 1936, ó lọ ṣiṣẹ́ ní oko rọ́bà ní Malaya, tó wà lábẹ́ àwọn Gẹ̀ẹ́sì nígbà náà. Nígbà tí Ogun Àgbáyé Kejì bẹ́ sílẹ̀, ó wọ iṣẹ́ ológun ní Indochina, ilẹ̀ tí Faransé ń ṣàkóso. Lẹ́yìn tí Jámánì ṣẹ́gun Faransé, ó kọjá sí Singapore, ó dara pọ̀ mọ́ àwọn ọmọlẹ́yìn de Gaulle, ọ̀gágun Faransé tó kọ̀ láti túúbá fún Jámánì, ó sì di amí tó ń jẹ́ Peter John Rule. Ó so oparun pọ̀, ó gùn ún lójú odò wọ Indochina padà. Ọ̀gágun Faransé kan tí Boulle tú àṣírí ara rẹ̀ fún, tó rò pé yóò gbè é, ló mú un, nítorí ìjọba Vichy, ìjọba Faransé tó ti túúbá fún Jámánì, ni ọ̀gágun náà ń sìn. Wọ́n jù ú sí ẹ̀wọ̀n àṣekára, kò sì rí ọ̀nà sá títí di 1944.

Lẹ́yìn ogun, ó padà sídìí rọ́bà díẹ̀, kó tó fi í sílẹ̀ lọ máa kọ̀wé ní Paris. William Conrad, ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́, jáde ní 1950.

Nínú ìwé Kwaï, Nicholson, ọ̀gágun Gẹ̀ẹ́sì tí àwọn ará Japan mú lójú ogun, kọ́ afárá fún wọn, iṣẹ́ náà sì wọ̀ ọ́ lára débi tó fi gbàgbé pé ọ̀tá ló ń kọ́ ọ fún. Ojú irin tó gba orí afárá náà wà lóòótọ́: láti Thailand ló ti wọ Bọ́mà, Bọ́mà kan náà tí àwọn ọmọ ogun Nàìjíríà lọ jà sí. Àwọn ọmọ ogun tí wọ́n kó lẹ́rú tí wọ́n kú sídìí rẹ̀ lé ní 12,000.

David Lean ló darí fíìmù náà, tó jáde ní 1957. Ó gba àmì-ẹ̀yẹ Oscar méje. Ọ̀kan nínú wọn, ti ìwé eré, bọ́ sọ́wọ́ Boulle, ẹni tí èdè Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò tó kọ ọ́. Carl Foreman àti Michael Wilson ló kọ ọ́, ṣùgbọ́n wọn kò lè fi orúkọ wọn sí i nítorí Hollywood ti ta wọ́n nù lórí ẹ̀sùn Kọ́múníìsì. Ọdún 1984 ni wọ́n tó fún wọn ní ẹ̀tọ́ wọn, nígbà tí àwọn méjèèjì ti kú. Ìparí ìtàn náà tún yí padà: afárá wó nínú fíìmù, ṣùgbọ́n kò wó nínú ìwé.

Bákan náà ló rí fún ìwé kejì, La Planète des singes, tí Franklin J. Schaffner sọ di fíìmù ní 1968. Ère obìnrin New York tí iyanrìn bo dé àyà, èyí tí gbogbo ẹni tó wo fíìmù náà rántí, kò sí nínú ìwé rárá. Ohun tí Boulle kọ ni pé arìnrìn-àjò òfurufú kan, tó ti bọ́ sórí pílánẹ́ẹ̀tì tí àwọn ìnàkí ń ṣàkóso, délé, ó balẹ̀ sí pápákọ̀ òfurufú Orly ní Paris, ọkọ̀ kan wá pàdé rẹ̀, ìnàkí ló sì sọ̀ kalẹ̀ nínú rẹ̀.