Kí ló ń jẹ́ pecking order, kí ló dé tí adìyẹ onílé fi ń ṣá àlejò lórí?

Wọ́n máa ń sọ pé adìyẹ tó bá dé ilẹ̀ tuntun, ẹsẹ̀ kan ló fi ń dúró. Òótọ́ ni o, ó ń wo ẹni tó jẹ́ ọ̀gá níbẹ̀ ni. Àwọn adìyẹ tó ti jọ ń gbé pọ̀ ti mọ ìwọ̀n ara wọn, lágbájá lè fi àgógó ṣá tàmẹ̀dù lórí kí tàmẹ̀dù má dá a padà, àmọ́ òun náà á lọ ṣá ẹni tó kéré sí i, bẹ́ẹ̀ ló ṣe máa lọ títí dórí ẹni ìkẹyìn tí gbogbo wọn ń lé kúrò nídìí oúnjẹ. Ìyẹn ni pecking order. Ará Norway kan, Thorleif Schjelderup-Ebbe, ló kọ ọ́ sílẹ̀ lọ́dún 1921, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti da àgbàdo sílẹ̀ fádìyẹ rí ti mọ̀ ọ́n tipẹ́.

Tẹ́ ẹ bá wá ju tuntun sáàárín wọn lọ́sàn-án gangan, ètò yẹn dàrú nìyẹn, ìjà ni wọ́n á fi tún un tò. Tẹ́ ẹ bá rí ẹ̀jẹ̀ lára ọ̀kan ẹ sáré gbé e kúrò, pupa yẹn ló ń pe àwọn tó kù, wọ́n lè ṣá a pa.

Àwọn màmá wa máa ń fi àkísà so ẹsẹ̀ adìyẹ tuntun mọ́lẹ̀ fún ọjọ́ mélòó kan kó lè mọlé. Ó dáa gan-an. Ohun tó ń dùn mí ni pé àgbàlá kan náà ni wọ́n ń so ó sí, omi kan náà ló ń bá àwọn onílé mu, tó bá wá jẹ́ pé ó ti gbé lúkúlúkú bọ̀ látọjà ńkọ́? Àrùn yẹn lè wà lára ẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan sí méjì kó tó hàn, nígbà yẹn ó ti ràn. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ yà á sọ́tọ̀ fún ọgbọ̀n ọjọ́, níbi tó jìnnà, pẹ̀lú abọ́ tiẹ̀, ti ilé ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ fún lóúnjẹ kẹ́ ẹ tó dé ọ̀dọ̀ àlejò, kẹ́ ẹ fọwọ́ kẹ́ ẹ sì pààrọ̀ bàtà.

Lẹ́yìn náà ẹ fi nẹ́ẹ̀tì pààlà fún bí ọ̀sẹ̀ kan kí wọ́n máa rí ara wọn láì lè ṣá ara wọn. Ẹ má mú ẹyọ kan ṣoṣo wọlé, méjì tàbí mẹ́ta sàn, kí wọ́n sì ti tó àwọn ti ilé lára. Alẹ́ ni kẹ́ ẹ gbé wọn sórí igi tí àwọn yòókù ń sùn lé, kẹ́ ẹ fi abọ́ oúnjẹ kún un káàkiri. Wọ́n ṣì máa lé wọn kiri díẹ̀, tí ẹ̀jẹ̀ ò bá ti jáde ẹ fi wọ́n sílẹ̀.