Ṣé ẹni tó ya ogun Winterfell ló jẹ̀bi òkùnkùn yẹn?

Ní ọjọ́ 28 oṣù Kẹrin ọdún 2019, HBO, ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Amẹ́ríkà, gbé ogun òru kan jáde nínú eré Game of Thrones, èyí tí wọ́n jà ní ilé olódi Winterfell. Ariwo sọ: àwọn òǹwòran ní òkùnkùn ò jẹ́ káwọn rí nǹkan kan. Fabian Wagner tó ya á fèsì pé àwòrán òun ò ṣókùnkùn jù, pé bí ọ̀pọ̀ ṣe to tẹlifíṣọ̀n wọn ló fà á. Èsì yẹn tún wá dojú ọ̀rọ̀ rú sí i.

Ta ni Wagner?
Ọmọ Jámánì ni, ayàwòrán tó ń ya eré tẹlifíṣọ̀n tó sì ń ya ti sinimá. Ó ṣiṣẹ́ lórí Sherlock ti BBC, ó ya àwọn ogun mìíràn nínú Game of Thrones, ó sì ya Justice League fún ilé sinimá lọ́dún 2017.

Ṣé òun ni olùdarí?
Rárá, Miguel Sapochnik ni.

Kí wá ni iṣẹ́ tirẹ̀?
Ìmọ́lẹ̀. Òun ló ń pinnu ibi tí iná máa ti wá, bó ṣe máa le tó, àti ohun tí òkùnkùn máa bò.

Kí ló dé tó fi mọ̀ọ́mọ̀ jẹ́ kó ṣókùnkùn?
Torí pé òkùnkùn gan-an ni ìtàn náà. Ẹ rántí ìbẹ̀rẹ̀ ogun yẹn: àwọn ẹlẹ́ṣin gbé idà oníná sókè, wọ́n sì sáré wọnú òru. Nígbà tó yá, ojú àwọn tó dúró sẹ́yìn la fi ń wò wọ́n. Iná tíntìntín là ń rí lọ́ọ̀ọ́kán, ó ń kú lọ́kọ̀ọ̀kan títí gbogbo rẹ̀ fi kú tán. Ká ní ó tan pápá yẹn yòò ni, ìjà lásán là bá rí. Ẹ̀rù ò ní bà wá. Òru 55 ni wọ́n fi ya ogun náà. Àìbìkítà kọ́.

Kí ló wá bà á jẹ́ kó tó délé wa?
Ojú ọ̀nà ni. Kí fíìmù tó lè gba íntánẹ́ẹ̀tì tàbí sátẹ́láìtì kọjá, wọ́n á fún un pọ̀ kó lè fúyẹ́. Ìyàtọ̀ kékeré tí ojú lè má kíyè sí ni ẹ̀rọ ń jù nù, inú òkùnkùn ni irú ìyàtọ̀ bẹ́ẹ̀ sì pọ̀ sí jù. Bí aṣọ dúdú ṣe dàpọ̀ mọ́ ògiri dúdú nìyẹn, tí ojú ọ̀run òru tó yẹ kó jọ̀lọ̀ wá di onígun mẹ́rin wẹ́wẹ́.

Ta ló wá jẹ̀bi?
Mo fara mọ́ àwòrán Wagner, ṣùgbọ́n mi ò fara mọ́ èsì rẹ̀. Pálọ̀ ni iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ń lọ. Ẹni tó ní òun ò rí nǹkan kò purọ́.

Ṣé tẹlifíṣọ̀n mi ti bàjẹ́ ni?
Ó ṣeé ṣe kó máà rí bẹ́ẹ̀.

Kí ni kí n ṣe?
Ẹ pa iná pálọ̀, kí ẹ fa kọ́tìnì. Ẹ yan Movie tàbí Cinema nínú sẹ́tíǹgì, kí ẹ sì pa ohun tó ń dín ìmọ́lẹ̀ kù fúnra rẹ̀ láti fi ṣọ́ iná lò. Ẹ má kàn ti Brightness sókè o: ṣe ni dúdú á di eérú. Ẹ fà á wálẹ̀ títí dúdú á fi dú, lẹ́yìn náà kí ẹ gbé e díẹ̀díẹ̀ títí ẹ ó fi rí irun orí ẹni tó dúró nínú òkùnkùn. Ẹ dúró níbẹ̀.

Bí kò bá ṣì hàn ńkọ́?
Ẹ wá díìsìkì rẹ̀. Wọn kì í fún ti díìsìkì pọ̀ tó ti íntánẹ́ẹ̀tì.