Ṣé lóòótọ́ ni pé ìgbà tóyìnbó lọ ni rélùwéè wa kú?

Ẹ bi ẹnikẹ́ni tó dàgbà lẹ́bàá ojú irin, láti Ìfọ̀ títí dé Ọ̀fà, pé kí ló dé tí téṣàn rélùwéè abúlé wọn fi di ibi tí ewúrẹ́ ń sùn, èsì kan náà lẹ máa gbọ́: òyìnbó ló ni nǹkan wọn, òyìnbó lọ, nǹkan bá kú. Ó dùn-ún sọ lóòótọ́, àmọ́ kò rí bẹ́ẹ̀ rárá.

1960 la gbòmìnira, àbí? Ọdún 1964 ni ojú irin tuntun láti Kuru nítòsí Jos ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ Maiduguri, ó sì tó 640 kìlómítà. Wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ ẹ láti 1958 o, mi ò jiyàn, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn òmìnira ni wọ́n ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀. Ohun tó ti kú kì í fi 640 kìlómítà gùn sí i.

Kí ló wá pa àwọn téṣàn kéékèèké? Ẹ jẹ́ ká mú Olókèméjì tó wà láàárín Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn, ibi tíjọba ti ya igbó sọ́tọ̀ láti 1899. 1896 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ojú irin yẹn l'Ékòó, 1901 ni wọ́n ṣí i dé Ìbàdàn. Irú téṣàn bẹ́ẹ̀, kì í ṣe tìtorí èrò nìkan ni wọ́n ṣe kọ́ ọ. Ẹ́ńjìnnì àtijọ́, èédú ló ń jẹ, omi ló sì ń mu, omi ọ̀hún kì í sì í pẹ́ tán, torí ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń gbé táńkì ńlá sórí òpó lọ́nà kó lè dúró mu. Ìkejì ẹ̀, ojú irin kan ṣoṣo ló wà, tí ọkọ̀ méjì bá ń bọ̀ lódìkejì ara wọn, ó di dandan kí ọ̀kan yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ní téṣàn kí èkejì tó kọjá. Téṣàn másítà ló ń fún dírébà ní tókìn, irin kékeré kan tí wọ́n máa ń so mọ́ òrùka gbàǹgbà kó lè rọrùn-ún gbá mú, dírébà tí kò bá sì mú un dání kò gbọdọ̀ ṣípò, ì báà jẹ́ ojú irin ṣófo lójú ẹ̀. Ìgbà tí ọkọ̀ bá dúró báyìí làwọn obìnrin máa ń sáré dé ojú fèrèsé pẹ̀lú ẹ̀kọ àti àgbàdo sísè, ọjà á tà, abúlé á gbèrú.

Ẹ́ńjìnnì dísẹ̀lì wá bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé láàárín 1950 sí 1960. Kò nílò omi ojú ọ̀nà. Àfi tó bá fẹ́ yà fún ọkọ̀ mìíràn, ó kàn ń kọjá lọ ni.

Èyí tó wá burú jù ni ti títì. Ẹ wò ó, kòkó tẹ́ ẹ fẹ́ fi rélùwéè gbé dé Àpápá, ẹ óò kọ́kọ́ fi lọ́rì gbé e láti oko wá sí téṣàn, ẹ óò sọ̀ ọ́, ẹ óò tún dì í sínú wágọ̀n, ẹ óò wá jókòó máa retí ìgbà tí wọ́n máa wá fà á. Tírélà ńkọ́? Á wọnú oko, ó di Àpápá. Lẹ́yìn tí wọ́n ṣí Ẹkisipirẹ́sì Èkó sí Ìbàdàn ní 1978, ta ló tún fẹ́ dúró de wágọ̀n? Ojú irin àtijọ́ tún kéré, àárín irin méjèèjì ò ju mílímítà 1067 lọ, ó ń wọ́ kọrọ kiri ẹsẹ̀ òkè, kò ṣeé sáré lórí ẹ̀. Ẹ fi rògbòdìyàn 1966 kún un, tí ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ rélùwéè tó jẹ́ Ígbò sá lọ sílé, tiṣẹ́tiṣẹ́ tó wà lọ́wọ́ wọn. Ìjọba kó àwọn ará Íńdíà wá láti 1979 sí 1982 pé kí wọ́n bá wa tún un ṣe, wọ́n gbìyànjú, wọ́n lọ, àìsàn náà tún padà.

Àwọn kan á ní ṣebí rélùwéè tuntun láti Èkó sí Ìbàdàn ti dé. Ó ti dé o, 2021 ni wọ́n ṣí i, ṣùgbọ́n ojú irin tiẹ̀ fẹ̀ tó mílímítà 1435, ọkọ̀ àtijọ́ ò lè gun orí ẹ̀. Lẹ́yìn Abẹ́òkúta, Olódò àti Ọmí-Àdió ni téṣàn tiẹ̀ wà kó tó dé Móníyà n'Ìbàdàn. Olókèméjì ò sí níbẹ̀.