Kí ẹ tó sọ ọmọ yín ní Àdùnní

Èdè Yorùbá ni mo ń kọ́ àwọn ọmọ ní ilé ìwé girama kan níbí ní Ọ̀ṣogbo. Láti ìgbà tí àwọn òbí kan ti rí i pé mo máa ń fi àmì ohùn sórí orúkọ ọmọ wọn nínú ìwé kíláàsì ni wọ́n ti ń júwe mi fún ara wọn. Ẹni tó bá fẹ́ sọ ọmọ lórúkọ a wá, ẹni tó fẹ́ gba ìwé ọjọ́ ìbí náà a wá. Orúkọ tí wọ́n ń gbé wá jù lẹ́nu ọjọ́ mẹ́ta yìí ni Àdùnní. Inú mi ń dùn sí i gan-an, nítorí orúkọ tó wù mí ni. Ṣùgbọ́n oríkì ni Àdùnní, oríkì sì ní bí a ṣe ń lò ó. Òbí tí kò bá mọ èyí lè fún ọmọ ní orúkọ dáadáa kó sì fi ohun pàtàkì kan dù ú láìmọ̀.

Orúkọ tí Yorùbá ń jẹ́ kò pa pọ̀ sójú kan. Àmútọ̀runwá wà, èyí tí ọmọ gbé wá fúnra rẹ̀: Táíwò, Kẹ́hìndé, Ìdòwú, Ìgè, Àìná, Dàda. Àbísọ wà, èyí tí ilé wo ipò ara rẹ̀ kó tó sọ ọ́: Fọláṣadé, Ayọ̀délé, Babátúndé. Oríkì wá dá dúró lọ́tọ̀. Àlùfáà Samuel Johnson, tó sìn ní Ọ̀yọ́, to wọn bẹ́ẹ̀ nínú ìwé ìtàn Yorùbá tó kọ parí ní 1897, tí kò sì jáde títí di 1921. Òun náà ló tọ́ka sí ohun tí ẹ̀yin fúnra yín lè fi etí yín gbọ́: oríkì ọkùnrin máa ń sọ nípa akin àti agbára, oríkì obìnrin máa ń sọ nípa ìfẹ́ àti ìkẹ́.

Ẹ gbé Àjàní sí ẹ̀gbẹ́ Àdùnní kí ẹ wò ó. “Ní” kan náà ló parí àwọn méjèèjì, “ní” tó wà nínú “mo ní ọmọ”. Àjàní ni ẹni tí a jà kí a tó ní. Àdùnní ni ẹni tó dùn ún ní. Ìjà ni wọ́n fi ṣáájú ti ọkùnrin, adùn ni wọ́n fi ṣáájú ti obìnrin. Àwọn oríkì obìnrin mìíràn náà sábà máa ń ní iṣẹ́ nínú: Àbẹ̀kẹ́, wọ́n bẹ̀ kí wọ́n tó rí i kẹ́, Àṣàkẹ́, wọ́n ṣà á lẹ́ṣà, Àjọkẹ́, wọ́n pawọ́ pọ̀ kẹ́ ẹ, Àdùkẹ́, wọ́n ń dù ú mọ́ ara wọn lọ́wọ́. Nínú Àdùnní, ẹnikẹ́ni kò bẹ̀, ẹnikẹ́ni kò ṣà, ẹnikẹ́ni kò dù. Wíwà ọmọ náà lọ́wọ́ ẹni ti tó. Ìdí nìyẹn tí mo fi fẹ́ràn rẹ̀ ju gbogbo ìyókù lọ.

Ọ̀rọ̀ bí a ṣe ń kọ ọ́ ló ń mú ọ̀pọ̀ wá sọ́dọ̀ mi. Ìyá ọmọ kan wá láti Òkè-Fíà, ó pọn ọmọ náà sẹ́yìn, ó mú fọ́ọ̀mù kan dání tó ti kọ “Aduni” sí. Ó ní, “Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ bá mi fi àmì sí i, ọ̀la ni mo fẹ́ dá a padà.” Mo ní kó kọ́kọ́ bá mi pe ọmọ náà. Ó yí orí sẹ́yìn, ó ní, “Àdùnní!” Mo ní kó tún un pè, kó fetí sí ẹnu ara rẹ̀. Ó tún un pè pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ó wo fọ́ọ̀mù, ó ní, “Mà, ó kù díẹ̀ káàtó.”

Ohun tó gbọ́ ni pé ohùn imú wà nínú “dùn”, kò sì sí nínú ohun tó kọ. Nínú Àdùnní, “n” àkọ́kọ́ ti “dùn” ni, òun ló ń sọ fún wa pé fáwẹ́lì náà jẹ́ àránmúpè. “N” kejì ni kọ́ńsónáǹtì tó bẹ̀rẹ̀ “ní”. Ọ̀kan ò lè ṣe iṣẹ́ èkejì. Bí ẹ bá yọ ọ̀kan, ó di Àdùní, ẹni tó bá sì kà á bí ẹ ṣe kọ ọ́ yóò gbà pé “dù” ni ẹ ní lọ́kàn, “dù” tó wà nínú Àdùkẹ́, tí a ń gbọ́ nígbà tí wọ́n bá ń du oyè. Ẹni tí a dù kí a tó ní ló dà yẹn. Kò burú, ṣùgbọ́n kì í ṣe orúkọ tí ìyá yẹn fi ń pe ọmọ rẹ̀. Ohùn rẹ̀ náà rọrùn: dò, dò, mí. Ìsàlẹ̀, ìsàlẹ̀, òkè. Àwọn ọmọ tí wọ́n tọ́ sí òkè òkun ló sábà máa ń gbé ohùn àárín sókè tí wọ́n á sì rẹ ti ìparí sílẹ̀. Bí wọ́n bá gbọ́ ọ déédéé lẹ́nu àwọn àgbà, ó ń tọ́ fúnra rẹ̀.

Ní ti lílò rẹ̀, ẹnu àgbà ni oríkì ń gbé. Ọmọdé kì í fi oríkì pe ẹni tó jù ú lọ. Kò bójú mu rárá. Ìyá ló ń fi pe ọmọ, bàbá náà ń fi pè é, ṣùgbọ́n ìyá àgbà ló mọ̀ ọ́n pè jù. Ní ilẹ̀ Ọ̀yọ́, láti ibí títí dé Ìwó, Ẹdẹ àti Ògbómọ̀ṣọ́, ibẹ̀ ni àṣà yìí ti gbilẹ̀ jù, ọmọ mìíràn wà tó jẹ́ pé oríkì rẹ̀ ni gbogbo ilé mọ̀, tí orúkọ àbísọ rẹ̀ sì wà fún ilé ìwé. Bí ọmọ bá ṣe ohun tí kò dára, orúkọ àbísọ ni ẹ ó gbọ́, ní ohùn líle. Bí wọ́n bá fẹ́ rán an níṣẹ́ tó jìn, tàbí tí ara rẹ̀ kò yá tí kò fẹ́ jẹun, ẹ ó gbọ́ “Àdùnní”, ẹ ó sì rí i pé ọmọ náà dìde jókòó.

Ẹni tó bá mọ̀ ọ́n pè kì í fi í mọ bẹ́ẹ̀. Ó máa ń so orílẹ̀ mọ́ ọn. Orílẹ̀ ni orírun ìdílé bàbá ọmọ: Òkín, Ọ̀pó, Erin, Ìkọ̀, Àgbò àti bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ìdílé náà bá ti Ọ̀fà wá, ọmọ yóò kúnlẹ̀ láàárọ̀, ìyá àgbà yóò sì dáhùn pé, “Àdùnní Òkín, ọmọ Ọlọ́fà mọjọ̀, o jíire bí?” Bí ó bá jẹ́ ilé Ọ̀pómúléró ni, ó di Àdùnní Ọ̀pó. Nínú gbólóhùn kan ṣoṣo yẹn, ọmọ ti gbọ́ pé òun dùn ún ní, ó sì ti gbọ́ ibi tí òun ti wá. Àdùnní lásán, láìsí orílẹ̀, kò pé. Ẹ máa rántí pẹ̀lú pé ìyàwó ilé tó bá ọmọ náà nílé kì í pe orúkọ rẹ̀, kì í sì í pe oríkì rẹ̀. Orúkọ tirẹ̀ ló ń fún un: Ìbàdíàrán, Adúmáadán, Ẹléyinjú-ẹgẹ́. Ọmọ kan lè ní orúkọ tó kún apẹ̀rẹ̀ nínú agbo ilé, kí gbogbo wọn sì ní olóhùn tiwọn.

Ní ìlú wa yìí, mo gbà pé ohun mìíràn tún wà tó pa Àdùnní mọ́. Ọ̀ṣogbo ìlú Ọ̀ṣun ni, síbẹ̀ ẹ wo bí orúkọ àbísọ ti yí padà. Ibi tí ìyá àgbà ti jẹ́ Ọ̀ṣúnbùnmi, ọmọ-ọmọ ti di Olúbùnmi. Ibi tí wọ́n ti ń jẹ́ Ifábùnmi náà nìyẹn. Ẹ̀sìn tó wọlé fẹ́ kí orúkọ òrìṣà jáde. Àdùnní ò dárúkọ òrìṣà kankan, nítorí náà ẹnikẹ́ni ò rí ìdí láti lé e jáde. Lọ́jọ́ kan náà, ní àdúgbò kan náà, ẹ lè rí Rísíkátù Àdùnní nílé àlùfáà, Mary Àdùnní nílé pásítọ̀, Ọ̀ṣúnbùnmi Àdùnní nílé aláwòrò. Láyé àtijọ́, ọjọ́ keje ni wọ́n ń sọ obìnrin lórúkọ, ọjọ́ kẹsàn-án ti ọkùnrin, ọjọ́ kẹjọ ti ìbejì. Lónìí ọjọ́ kẹjọ ti kárí gbogbo wọn. Oyin tí wọ́n ń fi tọ́ ọmọ lẹ́nu lọ́jọ́ náà kò yí padà, àdúrà tó ń bá a rìn kò sì yí padà: dídùn là ń bá nílé olóyin.

Bí ẹ bá ń wá àwọn tó ti jẹ́ orúkọ náà ṣáájú ọmọ yín, obìnrin méjì ni mo máa ń sọ fún àwọn òbí. Àkọ́kọ́ ni Àdùnní Olúwọlé, tí wọ́n bí ní 1905, tó jẹ́ oníwàásù kó tó di òṣèlú. Nígbà tí àwọn òṣìṣẹ́ daṣẹ́ sílẹ̀ ní 1945, ó dúró tì wọ́n. Ní 1954 ó dá ẹgbẹ́ òṣèlú kan sílẹ̀ tí àwọn ènìyàn ń pè ní Kóyìnbó Má Ì Lọ, nítorí ó bẹ̀rù pé àwọn olóṣèlú wa yóò rẹ́ mẹ̀kúnnù jẹ bí òyìnbó bá tètè gbé ìjọba sílẹ̀. Ẹgbẹ́ rẹ̀ sì wọlé ìbò ní Ìkìrun, tí kò jìnnà sí wa níbí. Ó kú ní 1957, kò rí òmìnira tó bá jà. Èrò rẹ̀ lè má tẹ́ yín lọ́rùn, ṣùgbọ́n ẹni tó bá rò pé orúkọ ìkẹ́ ń sọ obìnrin di ọ̀lẹ, kó lọ ka ìtàn rẹ̀.

Èkejì ni Àdùnní tiwa, Susanne Wenger, ayàwòrán tí wọ́n bí ní Graz ní Austria ní 1915. Ó gbé Ẹdẹ, ó gbé Ìlobùú, kó tó fi Ọ̀ṣogbo ṣe ilé, ní ọ̀nà Ìbòkun. Òun àti àwọn oníṣẹ́ ọnà ìlú yìí ló jọ tún igbó Ọ̀ṣun ṣe, igbó tí UNESCO fi sínú àkọsílẹ̀ ogún àgbáyé ní 2005. Nílé lóko, Àdùnní Olórìṣà ni wọ́n mọ̀ ọ́n sí títí ó fi kú ní oṣù kìíní 2009, lẹ́ni ọdún 93. Ẹ tún wo àwọn tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́: Adébísí Àkànjí, Kàsálí Àkàngbé. Oríkì ọkùnrin ni Àkànjí àti Àkàngbé. Ohun tó dùn mọ́ mi nínú nínú ọ̀rọ̀ Wenger ni pé bàbá rẹ̀ kọ́ ló sọ ọ́ ní Àdùnní. Àwọn tó bá gbé ló wo ọ̀rọ̀ rẹ̀ tí wọ́n rí i pé ó dùn ún ní.

Ẹ jẹ́ kí n padà sórí ìwé. Bí ẹ bá fẹ́ kí Àdùnní wà nínú ìwé ọjọ́ ìbí, ẹ kọ ọ́ pẹ̀lú “n” méjèèjì. Bí ẹ̀rọ ìjọba kò bá gba àmì ohùn, ẹ jẹ́ kó lọ láìní àmì: Adunni. Ẹ má jẹ́ kí òṣìṣẹ́ kankan dín lẹ́tà kù fún yín. Bí ó bá ti rí nínú ìwé ọjọ́ ìbí ni kó rí nínú NIN, nínú WAEC, nínú báǹkì, nínú ìwé ìrìnnà. Lẹ́tà kan tó yàtọ̀ lè gbé ọmọ dé kóòtù láti lọ búra pé ẹnì kan náà ni Aduni àti Adunni, lẹ́yìn náà kó tún lọ polówó rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn. Ẹ wá wá ìwé kan nínú ilé, Bíbélì ni o, Kùránì ni o, kí ẹ kọ orúkọ náà sí ojú ewé àkọ́kọ́ pẹ̀lú gbogbo àmì rẹ̀ àti orílẹ̀ rẹ̀.

Ìbéèrè tó gbẹ̀yìn lẹ́nu ọ̀pọ̀ òbí ni pé ṣé ó burú kí Àdùnní jẹ́ orúkọ àkọ́kọ́ ọmọ. Kò burú. Ṣùgbọ́n ẹ rò ó wò: bí tíṣà, akọ̀wé báǹkì, ọmọ kíláàsì àti àbúrò bá jọ ń pè é ní Àdùnní láràárọ̀, kí ni ìyá àgbà yóò fi pe ọmọ rẹ̀ tí yóò fi mọ̀ pé ìkẹ́ ni? Ohun pàtàkì tí mo ní òbí lè fi du ọmọ láìmọ̀ lókè nìyẹn. Nítorí náà, bí ẹ bá ti fi Àdùnní ṣe orúkọ ìta, ẹ fún un ní oríkì mìíràn fún ilé. Bí ẹ bá bẹ Ọlọ́run kí ẹ tó rí i, Àbẹ̀kẹ́ wà níbẹ̀. Bí ẹbí méjèèjì ni yóò jọ tọ́ ọ, Àjọkẹ́. Ẹ bi ìyá bàbá ọmọ kí ọjọ́ kẹjọ tó pé. Ó ṣeé ṣe kó ti ní èyí tó ń pa mọ́ fún un. Bí ẹ bá ń gbé ìlú òkèèrè, ẹ ní kó fi ohùn ránṣẹ́ lórí WhatsApp, kó pe oríkì ọmọ náà tòun ti orílẹ̀ rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kí ẹ fi pamọ́ sí ibi tí kò ní sọnù bí fóònù bá bàjẹ́. Orílẹ̀ gan-an ni kí ẹ tẹnu mọ́ fún un, torí pé òun ni mo sábà máa ń bá pé ìdílé ti gbàgbé.