Zipi àti Zape: ta ló ń fún ọmọ ní kẹ̀kẹ́ ní wẹ́wẹ́?

Ìbéèrè: Ta ni àwọn ọmọ yìí gan-an?

Ìbejì ni wọ́n, ọkùnrin méjèèjì, inú kọ́míìkì Sípéènì ni wọ́n ń gbé. Irun Zipi yẹ́lò, ti Zape dúdú, yàtọ̀ sí ìyẹn ẹ ò lè mọ èwo ni èwo. José Escobar, ará Barcelona, ló yà wọ́n, ọdún 1948 ni wọ́n kọ́kọ́ jáde nínú Pulgarcito, ìwé ọmọdé kan tí ilé iṣẹ́ Bruguera ń tẹ̀ nígbà náà. Tí ẹ bá pe orúkọ àwọn méjèèjì pọ̀, zipizape, ìjà àti rògbòdìyàn ló túmọ̀ sí lédè wọn. Orúkọ ń ro ọmọ lóòótọ́!

Ìbéèrè: Kí wá ni ti kẹ̀kẹ́ yẹn? Mo rí i pé bàbá wọn ń fún wọn ní pẹ́dàlì kan ṣoṣo, ẹ̀rín ń pa mí àmọ́ kò yé mi.

Ibi tó dùn jù lẹ bi mí yìí. Bàbá wọn, Don Pantuflo, ti ṣèlérí pé tí wọ́n bá ṣe dáadáa nílé ìwé òun máa fún wọn ní kẹ̀kẹ́, òótọ́ ló sì sọ, àmọ́ kò sọ pé lódindi. Tí wọ́n bá ṣe dáadáa lẹ́ẹ̀kan, á fún wọn níwèé pélébé kan pé ó jẹ wọ́n ní táyà kan, nígbà míì ọwọ́ kẹ̀kẹ́, bó ṣe ń gé e fún wọn nìyẹn bí ẹni tó ń pín ẹran àwẹ́wẹ́, tíṣà wọn Don Minervo sì wà níbẹ̀ tó ń kọ òdo sínú ìwé wọn láìdáwọ́ dúró, ẹ wá ṣírò ìgbà tí kẹ̀kẹ́ á pé. Mo mọ àwọn àgbà tó ń ṣèlérí báyìí, ẹ̀yin náà mọ̀ wọ́n.

Ìbéèrè: Ṣé ọmọ burúkú ni wọ́n ni?

Rárá o, ibi tí ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣì wọ́n gbọ́ nìyí. Àwọn kan máa ń fi wọ́n wé Max àti Moritz, àwọn ọmọkùnrin méjì tí Wilhelm Busch kọ nípa wọn ní Jámánì lọ́dún 1865, àmọ́ àwọn yẹn mọ̀ọ́mọ̀ ń ṣèkà ni, ìgbẹ̀yìn wọn kò dáa rárá, wọ́n lọ̀ wọ́n bí ọkà, pẹ́pẹ́yẹ sì jẹ wọ́n. Ti Zipi àti Zape ò rí bẹ́ẹ̀. Lọ́pọ̀ ìgbà wọ́n fẹ́ ṣoore ni, wọ́n fẹ́ ran ẹnì kan lọ́wọ́, iṣẹ́ yẹn á wá dàrú mọ́ wọn lọ́wọ́, ilé á fọ́, àgbà kan á ṣubú, wàhálà ti dé.

Ìbéèrè: Yàrá eku ńkọ́?

Ibẹ̀ ni wọ́n máa ń ti àwọn ìbejì mọ́ tí wọ́n bá ti ṣẹ̀, yàrá kan tó ṣókùnkùn nínú ilé tí eku kún inú ẹ̀. Níbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀, ohun tí wọ́n fi ń gbọn eruku kúrò lára kápẹ́ẹ̀tì ni bàbá fi ń nà wọ́n, nígbà tó yá àwọn tó ń yẹ ìwé ọmọdé wò fún ìjọba Franco, ọ̀gágun tó fi agbára ṣàkóso Sípéènì nígbà yẹn, bẹ̀rẹ̀ sí í ṣọ́ irú ẹ̀.

Ìbéèrè: Ta ni wọ́n wá ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ nígbà yẹn?

Àwọn àgbà ni! Ẹ wo orúkọ bàbá yẹn, Pantuflo Zapatilla, sálúbàtà inú ilé ni orúkọ méjèèjì, Ọ̀gbẹ́ni Sálúbàtà Sálúbàtà. Iṣẹ́ ẹ̀ ńkọ́? Ọ̀jọ̀gbọ́n nínú ìmọ̀ sítáǹpù, owó àtijọ́ àti ẹyẹlé sísìn. Ọkùnrin yìí ló máa jókòó tá á máa wàásù nípa ìwà rere o.

Escobar mọ nǹkan tó ń ṣe jàre. Pósítọ́fíìsì ló ti ń ṣiṣẹ́ kí ogun abẹ́lé Sípéènì tó parí lọ́dún 1939, ó ya àwòrán tó ta ko Franco, wọ́n jù ú sẹ́wọ̀n, iṣẹ́ sì bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn ló ya Carpanta, ọdún 1947, ọkùnrin kan tébi ń pa lójoojúmọ́ tó ń lá àlá adìẹ yíyan tọ́wọ́ ẹ̀ kì í tẹ̀, lásìkò tí wọ́n ń fi káàdì pín oúnjẹ ní Sípéènì. Inú àwọn tó ń yẹ ìwé wò ò dùn sí i, wọ́n ní ebi kì í pa ẹnikẹ́ni lábẹ́ Franco. Ẹ wá fi adìẹ Carpanta sí ẹ̀gbẹ́ kẹ̀kẹ́ ìbejì yìí wò. Èmi ò rò pé ó ṣèèṣì bára mu, ẹni tó bá gbé láàárín ìlérí tí kì í pé ló máa ya irú ẹ̀.

Ìbéèrè: Ṣé kí n wo fíìmù ni àbí kí n kà á?

Fíìmù wà o, èyí tó jáde lọ́dún 2013 gbé wọn lọ sílé ìwé bọ́dìn kan tí wọ́n ti fòfin de eré ṣíṣe, kò burú, àmọ́ kì í ṣe ayé Escobar. Ẹ kà á. Ẹ kọ́kọ́ wo àwòrán tó gbẹ̀yìn ní ojú ewé, ẹ máa rí ẹni tó ń sá àti ẹni tó ń lé e, kí ẹ tó padà sókè lọ wo ohun tó dá a sílẹ̀.