Bí Ojú-Ìwé Ayélujára Ṣe Bọ́ Lọ́wọ́ Àtúnṣí

Ẹni tó bá jókòó rí ní kafé íntánẹ́ẹ̀tì nílẹ̀ wa ní nǹkan bí ọdún 2002 á rántí ojú-ìwé funfun báláú. Ẹ kàn tẹ ohun kan ṣoṣo, gbogbo ohun tó wà lójú kọ̀ǹpútà á pòórá, ẹ ó sì máa wò ó bó ṣe ń padà wá díẹ̀díẹ̀, bẹ́ẹ̀ wákàtí tẹ́ ẹ sanwó fún ń lọ. Mo jókòó ti irú rẹ̀ títí ó fi sú mi. Nẹ́tíwọ́ọ̀kì wa ní ẹ̀bi tiẹ̀, àmọ́ bí wọ́n ṣe dá ayélujára sílẹ̀ gan-an nìyẹn.

Kí ọdún 1990 tó parí, Tim Berners-Lee, tó ń ṣiṣẹ́ ní CERN, ibùdó ìwádìí físíìsì nítòsí Geneva, ti kọ apá méjèèjì: browser tí èèyàn fi ń béèrè ojú-ìwé, àti server tó ń tọ́jú rẹ̀, tó sì ń fi í ránṣẹ́. Kọ̀ǹpútà NeXT kan ni server ọ̀hún; wọ́n lẹ ìwé mọ́ ọn pé kí ẹnikẹ́ni má ṣe pa á. Àdéhùn àárín àwọn méjèèjì ò ta kókó: browser á béèrè, server á dáhùn, ọ̀rọ̀ bùṣe. Bí ẹ bá tún fẹ́ nǹkan míì, odindi ojú-ìwé míì ni. Fún àwọn onímọ̀ físíìsì tó fẹ́ ka ìwé ara wọn, ìyẹn tó.

Láàárín ọdún 1993 sí 1995, làákàyè wọ apá méjèèjì. CGI, ìlànà tí server fi ń pe ètò kọ̀ǹpútà míì ṣiṣẹ́, tó jáde láti NCSA, ibùdó kọ̀ǹpútà ní Yunifásítì Illinois, jẹ́ kí server lè se ojú-ìwé lọ́tun fún ẹni tó béèrè, dípò kó máa bu èyí tó ti wà ní ìkòkò. Rasmus Lerdorf gbé PHP, irinṣẹ́ míì fún iṣẹ́ server yẹn, síta ní 1995. Lọ́dún yẹn kan náà, Brendan Eich fi ọjọ́ 10 kọ JavaScript, èdè ètò tó ń ṣiṣẹ́ nínú browser, ní Netscape, ilé-iṣẹ́ tó ń ṣe browser; browser náà wá lè dá nǹkan rò. Ṣùgbọ́n ọ̀nà tó so wọ́n pọ̀ kò yí padà rárá.

Ilé-iṣẹ́ Microsoft ni àyípadà ti wá, ọ̀rọ̀ ímeèlì ló sì fà á. Àwọn tó ń ṣe Outlook Web Access fẹ́ kí èèyàn lè ka lẹ́tà nínú browser láìjẹ́ pé ojú-ìwé ń pòórá ní gbogbo ìgbà. Alex Hopmann, ọ̀kan nínú wọn, kọ irinṣẹ́ kékeré kan tí JavaScript lè rán lọ bá server ní bòókẹ́lẹ́. Ojú-ìwé ò ní mì. Server á fi ìwọ̀nba tí wọ́n béèrè ránṣẹ́, JavaScript á sì fi í sáyè rẹ̀. Ẹni tó ń jẹun tó rí i pé ọbẹ̀ ò níyọ̀ kì í da oúnjẹ nù; á rán ọmọ lọ bu iyọ̀ wá, á sì máa jẹun lọ. Inú àkójọ irinṣẹ́ XML, ọ̀nà kan tí wọ́n ń gbà to dátà, ni wọ́n ti ráyè fi í sí kó lè bá Internet Explorer 5, browser Microsoft, jáde ní March 1999. Ibẹ̀ ló ti gba orúkọ XMLHTTP, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kì í ṣe XML nìkan ló lè gbé.

Mozilla, tó ń ṣe browser míì, ṣe tiẹ̀, ó pè é ní XMLHttpRequest, àwọn browser yòókù sì tẹ̀ lé e. Síbẹ̀, ọ̀pọ̀ èèyàn ò kà á sí títí Gmail fi dé ní April 1, 2004, tí Google Maps sì tẹ̀ lé e ní February 2005. Ẹ fi ọwọ́ wọ́ àwòrán ilẹ̀ náà, ibi tí ẹ kò tíì rí á kàn yọjú wá. Lóṣù kan náà ni Jesse James Garrett kọ àpilẹ̀kọ tó pe gbogbo ètò náà ní Ajax. Àwa tó jẹ́ pé ọjọ́ kẹjọ là ń sọmọ lórúkọ, ọmọ yìí ti ń lọ sí ọdún 6 kó tó gba orúkọ tí ayé fi mọ̀ ọ́n.

Lónìí, fetch, irinṣẹ́ tuntun inú browser, ni ọ̀pọ̀ nínú àwa tó ń kọ́ ojú-ìwé fi ń rán iṣẹ́ yẹn, JSON, ọ̀nà míì láti to dátà, ló sì sábà máa ń gbé bọ̀. XMLHttpRequest ṣì wà nínú gbogbo browser, pẹ̀lú XML lórúkọ rẹ̀.